Màmá ń fún un ní fóònù lẹ́yìn mi: òfin ta ni ká tẹ̀ lé nínú ilé yìí?

ÌBÉÈRÈ, láti ọwọ́ Ìyá Ọmọ Kan, Ìbàdàn

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o. Ọmọkùnrin mi ṣẹ̀ṣẹ̀ pé ọdún mẹ́ta. Fóònù ló ń bèèrè láàárọ̀, lọ́sàn-án, lálẹ́. Tá ò bá fún un, á nalẹ̀ gbalaja sáàárín pálọ̀, á máa fẹsẹ̀ gbálẹ̀, á sunkún títí ohùn ẹ̀ á fi há. Mo ti pinnu pé mi ò fún un mọ́. Bàbá ẹ̀ gbà. Àmọ́ ìyá ọkọ mi ń gbé lọ́dọ̀ wa, ọmọbìnrin kan ń bá mi ṣiṣẹ́ ilé, àǹtí kan ló sì ń bá mi mú un bọ̀ láti ilé ìwé. Tí mo bá ti lọ sí ṣọ́ọ̀bù báyìí, Màmá á sọ fún ọmọbìnrin yẹn pé, "Gbé e fún un jàre, kí ló wà nínú fóònù tí wọ́n fẹ́ tìtorí ẹ̀ pa ọmọ?" Ọ̀sẹ̀ kẹta rèé. Kàkà kí ẹkún dín kù, ńṣe ló ń le sí i. Ṣé kí n kúkú máa fún un ni, àbí kí n dá Màmá padà sí Ìsẹ́yìn? (Àwàdà ni o, ẹ má bú mi.)

* * *

Mi ò ní bú yín. Ìyá tèmi gbé lọ́dọ̀ mi fún ọdún mẹ́rin, mo sì fi ọdún 11 kọ́ àwọn ọmọ jẹ́lé-ó-sinmi. Mo mọ ohun tójú yín ń rí.

Ẹ jẹ́ ká bẹ̀rẹ̀ látorí ẹkún tó le sí i yẹn, torí òun ló máa ń jẹ́ kí èèyàn juwọ́ sílẹ̀. Ẹni tó máa ń kanlẹ̀kùn yín tẹ́ ẹ sì máa ń ṣí fún un, lọ́jọ́ tẹ́ ò bá ṣí, ṣé ó máa kàn yí padà ni? Rárá. Á kọ́kọ́ gbá a gbàgàgbàgà. Á pe orúkọ yín. Á lọ yọjú lójú wíńdò. Ìgbà tó bá ṣe gbogbo ìyẹn tí ẹnikẹ́ni ò dáhùn ló máa tó lọ. Ìdí gbígbá ilẹ̀kùn yẹn lọmọ yín wà báyìí. Tó bá wá jẹ́ pé ibẹ̀ gan-an ni Màmá ti ń ṣílẹ̀kùn, ohun tí ọmọ kọ́ ni pé kíkàn jẹ́jẹ́ ò ṣiṣẹ́ mọ́, gbígbá ló ń ṣiṣẹ́. Ẹ̀yin ń gbówó lé ẹkún náà láàárọ̀, Màmá ń san án lọ́sàn-án.

Èyí tó tún le ni pé kì í ṣe gbogbo ìgbà ni Màmá ń fún un. Ẹ wo àwọn tó ń ta lọ́tò lẹ́bàá ọ̀nà. Ká ní wọn ò jẹ rí, wọn ì bá ti fi í sílẹ̀ tipẹ́. Ká ní ojoojúmọ́ ni wọ́n ń jẹ, lọ́jọ́ tí owó ò bá wá mọ́, wọ́n á tètè fura. Àmọ́ ẹni tó jẹ lẹ́ẹ̀kan nínú ogún, kò sẹ́ni tó lè fà á kúrò nídìí ẹ̀. B. F. Skinner, onímọ̀ ìwà ará Amẹ́ríkà, fi ẹyẹlé wo irú nǹkan yìí, òun àti Ferster tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́ sì tẹ ohun tí wọ́n rí jáde lọ́dún 1957. Ẹyẹlé tó ń rí ọkà lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan ṣì ń fẹnu ṣá bọ́tìnnì tó ń mú ọkà wá fún ìgbà pípẹ́ lẹ́yìn tí ọkà ti tán, ju èyí tó máa ń rí i nígbàkigbà tó bá ṣá a lọ.

Nítorí náà, tẹ́ ẹ bá bi mí pé èwo ló burú jù nínú kí gbogbo yín máa fún un àti kí ẹnì kan ṣoṣo máa fún un lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, ìkejì ni màá mú.

* * *

Mo ti ka èsì tí ẹ̀yin òǹkàwé kọ sábẹ́ ìbéèrè yìí lálẹ́ àná. Tí n bá yọ èébú kúrò: Bàbá Ìbejì ní pàṣán ni oògùn ẹ̀. Ẹnì kan ní kí gbogbo ilé padà sí fóònù onítọ́ọ̀ṣì. Àwọn méjì ní kí Màmá máa lọ ilé. Àwọn tó pọ̀ jù ní ẹ fi í sílẹ̀, tó bá dàgbà á fi í sílẹ̀.

Bàbá Ìbejì, ẹ má bínú sí mi. Èmi kì í na ọmọ ọdún mẹ́ta, àmọ́ mi ò ní bá yín jiyàn lórí ìyẹn lónìí. Ìbéèrè tèmi ni: ta ló máa nà án? Ẹ̀yin fúnra yín kọ ọ́ síbí pé Èkó lẹ máa ń wà láti ọjọ́ Ajé dé ọjọ́ Ẹtì. Ẹ máa nà án ní Sátidé. Màmá á gbé e, á nu imú ẹ̀, á fún un ní fóònù kó lè gbàgbé ẹgba. Ẹ ti wá fi ẹgba kún ọ̀nà tí fóònù ń gbà dé. Mo mọ ọmọ kan tó jẹ́ pé tó bá ti gbọ́ ìró ọkọ̀ bàbá ẹ̀, á dìde nílẹ̀, á nujú, á jókòó bí ọmọ pásítọ̀. Ọkọ̀ bá jáde tán, ó padà sílẹ̀. Kò fi ẹkún sílẹ̀, ó kàn mọ aago ẹ̀ ni.

Ti fóònù onítọ́ọ̀ṣì, mo fara mọ́ ọn díẹ̀. Ẹ fi nọ́ńbà ti fóònù yín pa, ẹ má jẹ́ kó wà lójútáyé. Àmọ́ Android wà lọ́wọ́ Màmá náà. Ọmọ tó wà lókè òkun ló fi ránṣẹ́ kí wọ́n lè máa rójú ara wọn. Ta ló fẹ́ lọ gba ìyẹn lọ́wọ́ ìyá arúgbó? Ìyá tèmi máa ń so tiwọn mọ́ ọrùn bí ìlẹ̀kẹ̀.

"Tó bá dàgbà á fi í sílẹ̀." Òótọ́ ni pé ọmọ ọdún mẹ́wàá kì í sábà nalẹ̀ mọ́. Àmọ́ tó bá ti mọ̀ pé ẹni tó bá pariwo jù ló ń borí, á wá ariwo mìíràn. Á máa gbá ilẹ̀kùn yàrá, kò ní máa jẹun.

Ti pé kí Màmá máa lọ, mi ò ní sọ nǹkan kan sí i. Ẹni tó bá ń ṣiṣẹ́ nínú yín mọ ohun tí Màmá ń ṣe nínú ilé.

* * *

Ìtàn kan rèé, òótọ́ ni. Lọ́dún 1959, onímọ̀ ìwà kan, C. D. Williams, kọ̀wé nípa ọmọkùnrin kan ní Amẹ́ríkà, ọmọ oṣù 21. Ọmọ náà ṣàìsàn gidi ní oṣù 18 àkọ́kọ́ tó lò láyé. Ara ẹ̀ wá yá, àmọ́ ìkẹ́ ìgbà àìsàn ò kúrò ńbẹ̀. Tí wọ́n bá gbé e lọ sùn, àfi kí ẹnì kan jókòó tì í nínú yàrá, nígbà mìíràn fún wákàtí méjì, kí oorun tó gbé e lọ. Tí onítọ̀hún bá gbé ìwé láti kà á, ẹkún dé nìyẹn, àfi tó bá gbé ìwé sílẹ̀.

Wọ́n kọ́kọ́ rí i dájú pé ara ọmọ le. (Kí ẹ̀yin náà ṣe bẹ́ẹ̀. Etí tó ń dunni àti inú tó ń runni máa ń sunkún bíi ti fóònù. Tó bá sì ń ṣe ara ẹ̀ léṣe, tàbí ọ̀rọ̀ tó ti ń sọ tẹ́lẹ̀ ń lọ lẹ́nu ẹ̀, ilé ìwòsàn ni kẹ́ ẹ gbà lọ.) Wọ́n wá fẹnu kò: wọ́n á tẹ́ ẹ sùn tìfẹ́tìfẹ́, wọ́n á jáde, wọ́n á pa ilẹ̀kùn dé, wọn ò ní padà wọlé. Àwọn òbí ẹ̀ àti àǹtí ẹ̀ ló ń gbà á ṣe fún ara wọn. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ìṣẹ́jú 45 ló fi ké. Nígbà tó fi máa di ẹ̀ẹ̀kẹwàá, kò sunkún rárá. Ẹ̀rín ló ń rín bí wọ́n ṣe ń jáde.

Nǹkan bí ọ̀sẹ̀ kan kọjá. Lọ́jọ́ kan àǹtí ló tẹ́ ẹ, ọmọ bá tún figbe ta. Àánú ṣe àǹtí. Ó padà wọlé, ó jókòó tì í títí ó fi sùn.

Ẹ̀ẹ̀kan péré. Gbogbo ẹ̀ ni wọ́n tún bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀.

Ọ̀pọ̀ èèyàn máa ń fi ìtàn yìí bú àǹtí. Èmi kì í bú u; tó bá jẹ́ èmi ni mo gbọ́ igbe yẹn lóru, bóyá ni mi ò ní wọlé. Ohun tí mo máa ń wò níbẹ̀ ni pé ìkejì náà tán. Nígbà tó di ẹ̀ẹ̀kẹsàn-án, ẹkún tún ti lọ, wọn ò sì gbúròó ẹ̀ mọ́ fún ọdún méjì tó tẹ̀ lé e. Lọ́jọ́ tí Màmá bá ṣe bíi ti àǹtí, ẹ má pariwo pé ayé ọmọ ti bàjẹ́.

Mi ò ní kẹ́ ẹ lọ ti ilẹ̀kùn mọ́ ọmọ o. Ọmọ kan ṣoṣo nìyẹn, nínú ilé tí ọmọdé ti ní yàrá tiẹ̀. Nílé ẹlòmíì níbí, èèyàn mẹ́rin ló wà lórí bẹ́ẹ̀dì kan náà, ilẹ̀kùn wo lẹ fẹ́ tì?

* * *

Ẹnì kan pòwe: "Ojú mẹ́rin ló ń bímọ, igba ojú ló ń tọ́ ọ." Bẹ́ẹ̀ ni. Àmọ́ igba ojú ni wọ́n wí, wọn ò wí igba òfin.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sọ pé kí wọ́n pe ìpàdé ìdílé, mo ti pè é rí. Ọmọ ọdún mẹ́rin ni ọmọbìnrin mi kejì nígbà náà, bísíkíìtì ni ọ̀rọ̀ tiẹ̀. Tó bá ti rí ẹ̀bà, á ti àwo sẹ́gbẹ̀ẹ́, á máa ké fún bísíkíìtì. Mo kọ òfin mẹ́sàn-án sórí páálí, mo lẹ̀ ẹ́ mọ́ ara fíríìjì. Mo pe ìyá mi, ọkọ mi, àti àbúrò mi, mo kà á sí wọn létí bíi tíṣà tí mo jẹ́. Ìyá mi gbọ́ ọ tán, wọn ò sọ nǹkan kan. Ó di alẹ́, mo bá wọn lórí bẹ́ẹ̀dì, omi lójú wọn. "Ẹ̀yin márùn-ún ni mo tọ́, ẹnì kankan ò kọ òfin lẹ̀ mọ́ ara ògiri fún mi." Ojú tì mí gan-an. Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, páálí ṣì wà lára fíríìjì, bísíkíìtì sì ń wọlé lẹ́nu ọmọ bó ṣe ń wọlé tẹ́lẹ̀.

Ibi tí mo ti yàtọ̀ sí ọ̀pọ̀ yín nìyí. Gbogbo wa máa ń rò pé kí ẹni tó le jù nínú ilé gbé òfin kalẹ̀, kí àwọn yòókù máa sá tẹ̀ lé e. Kì í ṣiṣẹ́. Ẹni tí àánú ẹ̀ pọ̀ jù nínú ilé ni kẹ́ ẹ fi wọn òfin náà. Èyí tí òun lè pa mọ́ lọ́sàn-án gangan, tí ọmọ ń ké, tẹ́ ò sí nílé, òun ni òfin ilé yín. Èyí tó kù, ohun tó wù yín ni.

Mo ká páálí kúrò. Mo bi ìyá mi pé, "Màmá, èwo lẹ rò pé ẹ lè ṣe nínú ẹ̀?" Wọ́n ní àwọn ò lè sọ fún ọmọ pé bísíkíìtì ò sí nígbà tó wà. Pé àmọ́ àwọn lè sọ pé ó di ẹ̀yìn oúnjẹ. Ó tán. Mo kó agolo bísíkíìtì lé wọn lọ́wọ́, abẹ́ bẹ́ẹ̀dì wọn ló ń gbé látọjọ́ náà. Mẹ́sàn-án di ẹyọ kan: bísíkíìtì ń bẹ lẹ́yìn oúnjẹ, ẹkún kì í mú un wá.

Lọ́jọ́ kẹta mo tètè dé láti ibi iṣẹ́, mo dúró sẹ́yìn nẹ́ẹ̀tì ilẹ̀kùn. Ọmọ wà nílẹ̀, ó ń ké. Màmá jókòó sórí àpótí, agolo wà láàárín ẹsẹ̀ wọn, ọwọ́ wọn méjèèjì wà lórí ìdérí. Wọ́n ń ki í jẹ́jẹ́: "Àdùkẹ́ mi, Àdùkẹ́ òkín, ké e tán, mò ń dúró dè ọ́." Omi ń bọ́ lójú tiwọn náà. Wọn ò ṣí i. Ó tó ogún ìṣẹ́jú. Ọmọ dìde, ó lọ bá ẹ̀bà ẹ̀ tó ti tutù, ó jẹ òkèlè mẹ́ta. Màmá ò dúró de ẹ̀kẹrin, agolo ti ṣí. Ó wà lẹ́nu mi láti sọ pé òkèlè mẹ́ta kọ́ là ń pè ní oúnjẹ. Mo gbé e mì.

Ọwọ́ tó ń fúnni ló lè kọ̀. Nígbà tó jẹ́ pé èmi ni mo ń kó bísíkíìtì pa mọ́, Màmá di ẹni tó ń bá ọmọ jí i. Nígbà tó di tiwọn, wọ́n ṣọ́ ọ jù mí lọ.

* * *

Ìyá Ọmọ Kan, ẹ bèèrè pé tí Màmá bá ń ki í, tí wọ́n ń rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún, ṣé ìyẹn kì í ṣe ìkẹ́ náà? Ìbéèrè yìí dáa ju gbogbo èyí tá a ti ń bá bọ̀ lọ.

Ó dá lórí ohun tí ẹkún ń rà. Ẹ fi ọjọ́ mẹ́ta wò ó. Kí ló ṣẹlẹ̀ kó tó bẹ̀rẹ̀? Kí ló ṣe? Kí ló bọ́ sí i lọ́wọ́ kó tó dákẹ́? Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀. Tó bá jẹ́ pé fóònù nìkan ló ń pa á lẹ́nu mọ́, ẹ gbé e mọ́ra bó ṣe wù yín, ẹ máa kì í ní oríkì, ẹ fún un lómi mu. Kò sí owó kankan nínú ìyẹn. Àmọ́ tó bá ń dákẹ́ gẹ́lẹ́ tẹ́nì kan bá gbé e, tí kò rántí fóònù mọ́, èèyàn ló ń rà. Gbígbé náà lowó.

Mo ní ọmọ kan ní kíláàsì mi tó máa ń géni jẹ. Gbogbo wa rò pé ìbínú ni. Ìgbà tí mo wò ó dáadáa ni mo rí i pé ìgbà tí mo bá kọjú sí bọ́ọ̀dù ló máa ń ṣe é. Tó bá ti gé èèyàn jẹ, màá sáré dé, àǹtí kejì náà á sáré dé, a óò gbé e sáàárín, a óò wàásù fún un. Ojú èèyàn lọmọ yẹn ń wá! A wá yí i padà: ẹni tí wọ́n gé jẹ la kọ́kọ́ ń lọ bá; òun, "A kì í géni jẹ," ó tán. Tí n bá sì fẹ́ kọ̀wé, òun ni mo máa ń pè kó wá bá mi mú dọ́sítà. Kò tán lọ́jọ́ kan. Àmọ́ ọjọ́ tí àǹtí kejì kò bá wá, tí ẹlòmíì dúró fún un, tí ìyẹn bẹ̀rẹ̀ ìwàásù, kíá la máa ń rí eyín lára èèyàn.

Ti fóònù yín, èmi á ní: fóònù ń bẹ lẹ́yìn oúnjẹ alẹ́, kàtúùnù méjì, Màmá ló ń tan án, ẹkún kì í mú un wá. Lọ́sẹ̀ àkọ́kọ́, ẹ jẹ́ kó jẹ́ ẹ̀ẹ̀mejì lójúmọ́, kí ọmọ lè tètè rí i pé ẹnu ń ṣiṣẹ́. Tó bá fẹnu bèèrè jẹ́jẹ́, ẹ dá a lóhùn kíá, kódà tó bá jẹ́ "ó di alẹ́" lẹ fẹ́ sọ. Ẹni tó bèèrè iye àsìkò: Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ lọ́dún 2019 pé kí ọmọ ọdún mẹ́ta sí mẹ́rin má kọjá wákàtí kan lójúmọ́ nídìí fóònù, tẹlifíṣọ̀n àti irú wọn, pé tó bá kéré sí i ló dáa jù.

* * *

Ẹ ti gbàgbé ọmọbìnrin tó ń báni ṣiṣẹ́. Tí ọmọ bá ké fún ìdajì wákàtí, aráalé kejì á ní ó ń fìyà jẹ ọmọ ọlọ́mọ. Ẹ̀yin náà á dé, ẹ̀ẹ́ ní, "Kí lo fi ṣe é?" Á gbé fóònù fún un, èmi náà á gbé e fún un tó bá jẹ́ èmi. Ẹ pè é lójú Màmá, kẹ́ ẹ sọ fún un pé ẹkún tó bá ti jẹ́ ti fóònù, ẹnikẹ́ni ò ní bi í. Kẹ́ ẹ sì má bi í lóòótọ́.

Àǹtí tó ń mú un bọ̀ láti ilé ìwé? Ẹ fi sílẹ̀ ná. Ẹnì kan sọ níbí pé gbogbo èèyàn, níbi gbogbo, gbọ́dọ̀ ṣe bákan náà. Mi ò gbà. Mo ti rí ọmọ tó ń yí nílẹ̀ nílé ìyá ẹ̀, àmọ́ tó ń dá kó àwo ẹ̀ nílé ìwé. Ọmọdé mọ̀ pé ìwà kẹ̀kẹ́ Márúwá yàtọ̀ sí ti pálọ̀. Ohun tí kò gbọ́dọ̀ yàtọ̀ ni ohun tí ẹkún lè rà.

Ìyá kan láti London ní òun àti ọkọ òun ti fẹnu kò, àmọ́ ìyá òun máa ń wò ó lórí fídíò láti Abẹ́òkúta, á máa pariwo pé, "Fún un o!" Ẹ máa pè wọ́n lẹ́yìn tọ́mọ bá ti sùn. Èmi ò mọ oògùn mìíràn.

* * *

Ìyá Ọmọ Kan ti padà wá. Ẹ ní ọjọ́ méjì àkọ́kọ́ le, ọjọ́ kẹfà ó sunkún díẹ̀ ó sì lọ bá bọ́ọ̀lù ẹ̀. Pé lọ́jọ́ kẹsàn-án, àlejò dé láti Ìsẹ́yìn, ọmọ nalẹ̀ lójú wọn, ojú ti Màmá, wọ́n gbé fóònù fún un.

Ẹ má gbà á padà lọ́wọ́ ẹ̀. Ohun tó ti bọ́ sí i lọ́wọ́ ti bọ́, tẹ́ ẹ bá já a gbà, ẹkún kejì ni kò ní jẹ́ kẹ́ ẹ gbádùn àlejò yín. Ẹ má bá Màmá wí lójú ọmọ, ẹ má sì wí fún àlejò pé "Màmá ló ń bà á jẹ́." Tó bá dalẹ́, tẹ́ ẹ jọ ń ṣa ẹ̀wà, ẹ sọ fún wọn pé ọ̀la ó lè tún ké ju bó ṣe yẹ lọ, torí tòní. Àwọn àgbà kì í fẹ́ kí nǹkan já lù wọ́n.

Ẹ ní Màmá ti ń bèèrè bóyá kí wọ́n kúkú máa bá yín tọ́jú ṣájà. Ẹ kó o fún wọn lálẹ́ òní. Ẹ má bi wọ́n ibi tí wọ́n ń fi í sí.